Èmi Ni Mo Ba Àwo Orin Sìmíátù Jẹ́

Ẹ̀yin tí ẹ ó ka ọ̀rọ̀ yìí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kà á dópin kí ẹ tó bú mi. Mo mọ̀ pé ẹ ó bú mi. Bí ó bá jẹ́ pé ẹlòmíràn ló kọ ọ́ tí èmi ń kà á, èmi náà á bú u. Ṣùgbọ́n ẹ kà á tán ná.

Ó ti lé lọ́dún kan tí ọ̀rọ̀ yìí ti wà nínú mi. N kò sọ ọ́ fún ọ̀rẹ́, n kò sọ ọ́ fún alfa. Ohun tó mú mi sọ ọ́ báyìí ni pé wọ́n fẹ́ so yìgì ọmọ kan lẹ́yìn ààwẹ̀ tó ń bọ̀ yìí, bàbá rẹ̀ sì ti búra pé òun kò ní jókòó ṣe wálí fún un. Àwọn ará ilé ọkọ ti ń béèrè irú ọmọ tí bàbá rẹ̀ wà láyé tí kò fẹ́ fà á fọ́kọ. Bí wọ́n bá béèrè títí tí wọn kò rí èsì, wọ́n á bá ẹsẹ̀ wọn sọ̀rọ̀. Èmi ni mo fà á. Kò sí ẹlòmíràn níbẹ̀.

Mo ti yí orúkọ gbogbo wa padà. Ẹ má wulẹ̀ máa wá wa kiri ní àdúgbò Zongo, ilé àwa Yorùbá tó wà níbẹ̀ kò lóǹkà.

Opó ni mí. Ọkọ mi, kí Ọlọ́hun kẹ́ ẹ, ló mú mi wá sí Niamey ní ilẹ̀ Niger láti ẹ̀bá Ògbómọ̀ṣọ́ nígbà tí mo ṣì jẹ́ ọmọge. Aṣọ ni mo ń tà ní ọjà ńlá. Nígbà tí ó kú, àbúrò rẹ̀ ló di olórí ilé. Alhaji ni n ó máa pè é níhìn-ín. Nínú ilé, Afínjú ni mo ń pè é, torí pé wọ́n ti bí i kí n tó wọlé wọn, ìyàwó kì í sì í pe ọmọ tó bá nílé lórúkọ. Ọkọ ni òun náà jẹ́ fún mi lẹ́nu. Ohun tó jẹ́ fún mi lọ́kàn, ẹ ó gbọ́ ọ láìpẹ́.

Sìmíátù ni ọmọ Alhaji. Zarma, ẹ̀yà onílẹ̀ ibí, ni ìyá rẹ̀. Niamey ni wọ́n bí i sí, ó ti lé lógún ọdún díẹ̀. Ọmọ náà ń sọ Zarma bí ẹni ń mumi, Faransé rẹ̀ dán mọ́rán, ó gbọ́ Haúsá tó tó tajà. Yorùbá ni kò gbọ́ délẹ̀. Ó lè kí ènìyàn, ó lè tọrọ oúnjẹ, ó lè bá àbúrò rẹ̀ jà. Bí ẹ bá ti pa òwe kan báyìí, ó ti sọnù sínú rẹ̀.

Ọmọ yìí ló wá ní orin oko ni òun ó máa kọ.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi gbọ́ ọ. Kọ́ńtírì ni ó ń pè é. Inú fóònù ló ti rí i, àwọn òyìnbó kan tí wọ́n dé akẹtẹ̀, tí wọ́n ń ta gìtá, tí wọ́n ń kọrin ẹṣin àti oko bàbá wọn. Ó ní àwa náà ṣáà ní oko bàbá tiwa. Bí ó ṣe dé akẹtẹ̀ Fúlàní nìyẹn, tí ó wọ bàtà gígùn, tí ó ń kọrin ebè àti ọgbà kaṣú. Ọmọ tí kò mú ọkọ́ rí láyé ẹ̀! Ẹ̀ẹ̀kan péré ló dé Ògbómọ̀ṣọ́, kò lò ju ọjọ́ mẹ́rin lọ, ẹkún ẹ̀fọn ló sì fi gbogbo rẹ̀ sun. Òun ló wá ń kọ́ wa ní oko.

Ṣùgbọ́n n kò ní parọ́ mọ́, torí náà ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́: ohùn rẹ̀ dára. Ó dára dé ibi tó ń bí mi nínú.

Kì í ṣe Sìmíátù ló kọ́kọ́ kọrin nílé wa. Mo bí ọmọbìnrin kan ṣoṣo, Múínátù. Òun ló kọ́kọ́ kọrin. Kò sí ẹni tó ra gìtá fún un. Ó lọ bá káfíńtà kan ní ọjà Katako, ìyẹn fi pákó àpótí bá a kàn án, wọ́n sì fi wáyà bíréèkì kẹ̀kẹ́ ṣe okùn rẹ̀. Ní ọ̀sán, bí mo bá ti ọjà dé, mo máa ń bá a lẹ́yìn ilé níbi tó ti ń ta á jẹ́jẹ́. Àwọn ọmọ ilé á pé lé e lórí. Sìmíátù wà lára wọn nígbà náà, ọmọ kékeré tí imú rẹ̀ ń ṣàn.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Alhaji dé láti ìrìn àjò. Ó gbọ́ ohùn gìtá. Kò bá Múínátù sọ̀rọ̀. Ó gba nǹkan náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó fi orúnkún ṣẹ́ ẹ sí méjì. Ó ní, "Ọmọ ilé wa kì í ṣe alágbe." Lẹ́yìn náà ló jù ú sí ẹsẹ̀ mi níbi tí mo ti ń ro ọkà. "Ìyá Múínátù, ẹ fi dáná."

Mo fi dáná. Ẹ gbọ́ ohun tí mo wí? Èmi ìyá rẹ̀, ọwọ́ mi ni mo fi kó o sínú iná, ọmọ mi dúró ó ń wò mí. Ọkọ mi ti kú, abẹ́ Alhaji ni a wà, kí ni n ó ṣe? Pákó náà gbẹ, ó jó dáadáa. Ọkà jinná, gbogbo ilé jẹ ẹ́. Kí ọdún ó tó yí, Alhaji ti fi Múínátù fún ọkùnrin kan ní ìlú Maradi. Ọmọ mi lọ. Kò bú mi, kò sì bá mi sọ̀rọ̀ orin mọ́.

Ẹ wá fojú inú wò ó. Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, Alhaji kan náà yìí ránṣẹ́ ra gìtá tuntun láti òkèèrè fún ọmọ tirẹ̀. Ó gba sitúdíò fún un. Ó tún ń bá a lọ jókòó síbẹ̀ pẹ̀lú tẹ̀sùbáà lọ́wọ́. Bí àlejò bá wọlé, á ní, "Ẹ wá gbọ́ ọmọ mi olórin." Ọmọ tèmi di alágbe, ọmọ tirẹ̀ di olórin. Ẹ̀yin tí ẹ gbọ́n, ẹ ṣàlàyé ìyẹn fún mi.

Mo ń rẹ́rìn-ín. Mo ń kí wọn kú oríire.

Ó ku díẹ̀ kí àwo orin náà parí ni Sìmíátù wá bá mi nínú yàrá mi. Ó mú ìwé ìkọ̀wé lọ́wọ́. Ó kúnlẹ̀.

"Màmá, ẹ kú ìrọ̀lẹ́. Mo fẹ́ fi oríkì ilé wa parí orin tó kẹ́yìn. Papa ní ẹ̀yin lẹ mọ̀ ọ́n jù. Èmi, wallahi, mi ò mọ nǹkan kan níbẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ́ mi."

Òótọ́ ni bàbá rẹ̀ sọ. Níbi tí a ti wá, àwa ìyàwó ilé la ni oríkì ilé ọkọ. Àwọn ọmọ ilé ló ni orúkọ, àwa la ni ẹnu tí ń kì í. Ọ̀dọ̀ ìyá ọkọ mi ni mo ti kọ́ ọ, ibi ọlọ ni mo sì ti kọ́ ọ. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin obìnrin ilé tí ẹ ń ka èyí mọ ohun tí mo fẹ́ sọ. Orin méjì ni ìyàwó ilé máa ń mọ̀. Ọ̀kan wà fún iwájú ilé, tí a ń fi í kí ọkọ àti ọmọ, tí orí wọn á wú. Èkejì wà fún ẹ̀yìn ilé. Ìyẹn ni a ń kọ láàárín ara wa bí àwọn ọkùnrin ilé bá bí wa nínú, ibẹ̀ ni gbogbo ìtìjú tó wà nínú ìdílé ń gbé. Bóyá òótọ́ ni, bóyá irọ́ ni, ta ló mọ̀? Àwọn tó ti kú ló kọ ọ́. Ohun tí a mọ̀ ni pé kò gbọdọ̀ jáde sí iwájú ilé. Ìyàwó tó bá gbé e jáde, wọ́n á dì í lẹ́rù kúrò nílé.

Ti ilé ọkọ mi sọ pé ìwọ̀fà ni baba ńlá wọn, ẹni tí wọ́n fi dúró fún gbèsè ẹlòmíràn, tó ń lo ara rẹ̀ bí ẹṣin lóko olóko, tí ẹnikẹ́ni kò wá rà padà.

Mo wo ọmọ náà lórí ìkúnlẹ̀. Mo rí bàbá rẹ̀ lójú rẹ̀. Mo ní kó mú bíírò.

Ó fẹ́ fi fóònù gba ohùn mi. Mo ní rárá. Mo ní oríkì kì í wọ inú fóònù, ó máa ń bínú. Irọ́ ni, ẹ dárí jì mí. N kò fẹ́ kí ohùn mi wà níbì kankan ni. Ó gbà mí gbọ́, ó sì ń kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà Faransé bí mo ṣe ń pè é:

*Ọmọ ìwọ̀fà tí í sùn ní àká,*
*Oòrùn wọ̀, ẹgbẹ́ ẹ̀ relé, ó kù sóko,*
*Òkìtì ebè ló fi ṣe ìrọ̀rí.*

Ó dá bíírò dúró. "Màmá, kí ni ìwọ̀fà?"

Ibẹ̀ ni mo ti lè yí padà. Mo rántí rẹ̀ dáadáa. Ó wò mí, ó ń dúró de èsì.

Mo ní, "Àgbẹ̀ ńlá ni. Àgbẹ̀ tó fẹ́ràn oko dé ibi tí kì í fi í fẹ́ lọ sílé."

Inú rẹ̀ dùn! Ó ní, "Kai, ìyẹn gan-an ni mo ń wá. Ó sùn lórí ebè! Ó dára púpọ̀, Màmá. Fofo, fofo." Ó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ mi ní Zarma àti ní Yorùbá. Ọjọ́ mẹ́ta ló fi ń bọ̀ kó lè mọ̀ ọ́n sórí. Mo ń tún ohùn rẹ̀ ṣe kó má baà ṣì í pè. Lọ́jọ́ kejì ó ra dẹ̀gẹ̀, wàrà tútù tí wọ́n pò mọ́ jéró, wá fún mi. Mo mu ún. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bi mí bóyá ó dùn.

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú kan ni Alhaji pe àwọn àgbà ẹgbẹ́ ọmọ ìlú wa sí àgbàlá láti gbọ́ àwo orin náà kí ó tó jáde fún gbogbo ayé. Oṣù yẹn gan-an ni wọ́n fẹ́ fi í jẹ olórí ẹgbẹ́. Wọ́n tẹ́ ẹní. Wọ́n gbé àpótí orin jáde. Sìmíátù jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ògiri pẹ̀lú akẹtẹ̀ rẹ̀ lórí itan, ó ń jẹ èékánná. Èmi ni mo ń pín omi.

Orin mẹ́jọ ló wà nínú rẹ̀. Méje dùn. Àwọn àgbà ń mi orí, Alhaji ń wo ojú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan bí ẹni tó se oúnjẹ tó ń wò ó bóyá wọ́n ń jẹ ẹ́. Orin kẹjọ bẹ̀rẹ̀. Gìtá náà lọ sílẹ̀, ohùn Sìmíátù sì bẹ̀rẹ̀ sí í ki oríkì. Ọmọ tí kò gbọ́ Yorùbá, ó pè é já gaara, n kò gbọ́ kí ó ṣì ẹyọ kan.

Bàbá Ṣàláù, tó dàgbà jù nínú gbogbo wa ní Niamey, gbé ife omi rẹ̀ kalẹ̀.

Ó ní, "Alhaji, ta ló kọ orin yìí?"

"Ọmọ mi ni, Bàbá."

"Ọmọ rẹ ló pè ọ́ ní ọmọ ìwọ̀fà?"

Ẹnìkan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn. Ẹlòmíràn ní kí wọ́n dá a padà kí òun tún un gbọ́. Ojú Alhaji pọ́n. Ó yí sí ọmọ rẹ̀, ó bi í léèrè ibi tó ti rí i. Ọmọ náà ò tíì mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ó ń rẹ́rìn-ín díẹ̀. Ó ní, "Màmá Múínátù ló kọ́ mi."

Gbogbo wọn yíjú sí mi. Ẹ̀yin ènìyàn, ibi tí mo ti burú jù nìyí. Mo gbé agbè omi kalẹ̀. Mo pàtẹ́wọ́. Mo ní, "Astagfirulai! Èmi? Èmi ìyàwó ilé tó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún nínú ilé yìí? Ẹ gbé ìwé rẹ̀ wá." Wọ́n gbé e wá. Ọwọ́ rẹ̀ ni, lẹ́tà Faransé rẹ̀ ni. Mo ní, "Ẹ wò ó! Mo sọ nǹkan, ó lọ gbé òmíràn láti ibi tí àwọn ọmọ ìsinsìnyí ti ń gbé nǹkan. Ohun tí mo kọ́ ọ nìyí."

Mo sì kì í. Mo ki ti iwájú ilé, níbẹ̀, níwájú wọn:

*Ọmọ a-ro-oko-bí-ẹni-ń-jó,*
*Ọmọ aláká mẹ́ta lẹ́gbẹ̀ẹ́ odò,*
*Ebi pa àlejò, ó yà nílé yín, ó jẹun sùn.*

N kò kì í tó bẹ́ẹ̀ rí láyé mi. Àwọn àgbà ń ṣe "hẹ̀ẹ̀n". Bàbá Ṣàláù ní ìyàwó ilé nìyẹn. Omi bọ́ lójú Alhaji. Ó ní, "Ìyá Múínátù, ẹ ti nu ojú mi." Orin Sìmíátù ṣì ń lọ nínú àpótí, kò sí ẹni tó rántí pa á.

Ọmọ náà wò mí. Ó ní, "Màmá?" Bí ó bá jà, bí ó bá bú mi, ó ṣeé ṣe kí wọ́n gbà á gbọ́. Ṣùgbọ́n kò ní Yorùbá tó lè fi bá mi jà. Ó bẹ̀rẹ̀ ní Faransé, bàbá rẹ̀ sì gbá a létí.

Ó lé e jáde nílé lọ́jọ́ náà. Ó ní ẹni tó pe baba ńlá òun ní ìwọ̀fà kì í ṣe ọmọ òun. Ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ̀ ní àdúgbò Talladjé ló kó lọ. Ẹ̀yin ò sì mọ irú ènìyàn tí mo jẹ́ bí n kò bá fi èyí kún un: mo ń retí kí Alhaji ṣẹ́ gìtá náà. Mo dúró sẹ́nu ọ̀nà, mo ń retí rẹ̀. Kò ṣẹ́ ẹ. Ó jẹ́ kó gbé e lọ. Inú tún bí mi.

Àwo orin náà kú. Kò sí ẹni tó tà á. Àmọ́ ẹnìkan nínú àwọn tó wà lágbàálá ti gba orin kẹjọ yẹn sórí fóònù, ó sì tàn kálẹ̀ láàárín àwa Yorùbá láti Niamey dé ilé. Wọ́n fi ẹlòmíràn jẹ olórí ẹgbẹ́. Àwọn ọkùnrin tí kò fẹ́ràn Alhaji tẹ́lẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í pè é ní Àgbẹ̀ Oko Olóko. Kò lọ sí ìpàdé mọ́. Sìmíátù kò kọrin mọ́. Mo rò pé inú mi á dùn. Ó dùn fún bí ọ̀sẹ̀ kan.

Ọ̀sẹ̀ kejì ni Múínátù pè mí láti Maradi. Kò kí mi.

"Màmá, ẹ̀yin ni."

Mo ní, "Èmi ni kí ni?"

"Ẹnu yín ni mo ti gbọ́ orin yẹn, lọ́jọ́ tí gìtá mi jóná. Ẹ ń kọ ọ́ lábẹ́ èémí níbi tí ẹ ti ń ro ọkà. Kò sí ẹlòmíràn tó mọ̀ ọ́n ní Niamey."

Mo sẹ́. Mo sẹ́ fún ọmọ tí mo bí. Ó ní, "Ṣé ẹ ò rántí pé ilé bàbá tèmi náà ni? Àwọn ìyàwó ilé ọkọ mi ti ń pe àwọn ọmọ mi ní ọmọ ọmọ ìwọ̀fà." Ó pa fóònù. Láti ìgbà yẹn, ọjọ́ ọdún nìkan ló ń pè mí. Mo tutọ́ sókè, mo fojú gbà á, bí àwọn àgbà ṣe wí.

Ní oṣù tó kọjá, Sìmíátù wá bá mi ní ọjà. Ó ti rù. Ó kúnlẹ̀ sáàárín aṣọ bí ẹni pé kò sí nǹkan kan láàárín wa.

Ó ní, "Màmá, mi ò wá bá yín jà. Mo ti rí ọkọ. Papa ní òun ò ní ṣe wálí. Ẹ bá mi bẹ̀ ẹ́, ẹ̀yin ló ń gbọ́ tiyín. Kò di dandan kí ẹ sọ ohun tí ẹ ṣe."

Mo ní, "Kí ni mo ṣe?" Àní lójú òun nìkan, níbi tí ẹlòmíràn kò sí.

Ó ní, "D'accord, ó dáa. Ẹ ò ṣe nǹkan kan. Ẹ ṣáà bá mi bẹ̀ ẹ́."

Ìwà tútù rẹ̀ yẹn ló mú mi gbiná. Mo kígbe mọ́ ọn. Mo ní kó lọ bi bàbá rẹ̀ ohun tó ṣe sí Múínátù. Mo ní kó lọ bi í ibi tí gìtá ọmọ tèmi wọlẹ̀ sí.

Ó ní, "Mo mọ̀. Mo wà níbẹ̀. Àǹtí Múínátù náà sọ fún mi."

"Níbo lo ti rí Múínátù?"

Ó ní òun kò gbọdọ̀ sọ, torí ọkọ rẹ̀ àti torí Papa. Ó sì sọ ọ́. Múínátù ló kọ́ ọ ní gìtá. Ọdún mẹ́ta gbáko, láti Maradi, nínú fóònù, ní ọ̀sán tí ọkọ rẹ̀ bá ti lọ sí ọjà. Ọmọ mi á fi ẹnu ṣe ohùn orin náà, ẹni yìí á wá a lórí okùn. Márùn-ún nínú orin mẹ́jọ yẹn, Múínátù ló ni wọ́n. Àwọn tó kọ lẹ́yìn ilé wa nígbà yẹn wà nínú wọn, mo sì gbọ́ wọn ní àgbàlá láìdá wọn mọ̀.

Ó ní, "Ó ní kí n má dárúkọ òun. Ó ní bí wọ́n bá gbọ́ ọ lẹ́nu mi, ó ti tó òun."

N kò gbà á gbọ́. Ó yọ fóònù, ó fi ohùn kan sí etí mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin abiyamọ, ẹ bá mi gbé e. Ọmọ mi ni, ó ń kọrin, ó ń rẹ́rìn-ín sáàárín rẹ̀ pé òun ti gbàgbé ẹsẹ̀ kejì. Mo jókòó sórí aṣọ tí mo fẹ́ tà. Àwo orin tí mo pa yẹn, ti ọmọ mi ni. Mo ti kó gìtá rẹ̀ síná lẹ́ẹ̀kejì, lọ́tẹ̀ yìí ẹnikẹ́ni kò sì pàṣẹ fún mi.

Mo sọ fún Sìmíátù níbẹ̀ pé èmi ni, pé mo mọ̀-ọ́n-mọ̀ ṣe é. Ó ní òun mọ̀. Mo ní n ó bá bàbá rẹ̀ sọ ọ́. Ó dìde, ó ní òun ń wá takisí Talladjé, ọ̀nà jìn.

Mo lọ. Ẹ má rò pé n kò lọ. Mo lọ bá Alhaji nínú yàrá rẹ̀ lẹ́yìn ìrun Alásárì. Òun nìkan ló wà, ó ń ka tẹ̀sùbáà. Ó ti darúgbó lọ́dún kan yìí. Mo fẹ́ kúnlẹ̀. Kí orúnkún mi tó kanlẹ̀, ó ti bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀.

Ó ní, "Ìyá Múínátù, ẹ̀yin nìkan lẹ kù tí ẹ ń bo àṣírí ilé yìí. Ẹ rí i báyìí? Orin kì í bímọ re. Ohun tí mo ṣe fún Múínátù nígbà yẹn, ìyẹn ló tọ́. Ẹ̀rí ti jáde."

Mo dìde. Mo jáde. N kò sọ ọ́.

Ẹ gbọ́ ohun tí mo fi ọwọ́ ara mi ṣe? Mo fẹ́ kó jẹ̀bi ohun tó ṣe sí ọmọ mi. Èmi ni mo wá fún un ní àre. Lójoojúmọ́ tí mo bá dákẹ́, ó ń jàre. Bí mo bá sì sọ̀rọ̀, èmi ni wọ́n máa dì lẹ́rù kúrò nílé lọ́jọ́ ogbó, òun á sì jókòó sí àárín àwọn àgbà, wọ́n á máa bẹ̀ ẹ́ pé kó má bínú. Ta ni yóò bẹ Múínátù? Ta ni yóò wí fún Alhaji pé alágbe kọ́ ni ọmọ mi?

Sìmíátù, bí ẹnìkan bá ka èyí sí ọ létí, jọ̀ọ́, dárí jì mí. O kò ṣẹ̀ mí. Múínátù, jọ̀ọ́. N kò mọ ohun tí mo lè sọ sí tìrẹ.

Ẹ̀yin tí ẹ kà á dé ibí, ẹ má wulẹ̀ sọ fún mi pé kí n dárí ji Alhaji. N kò bi yín ní ìyẹn, n kò sì tíì ṣe tán. Mo kórìíra rẹ̀ láti orí dé ẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n ìyàwó ilé tó bá dá irú ẹ̀ṣẹ̀ yìí, ẹsẹ̀ olórí ilé ni ó ti ń jẹ́wọ́, lórí ìkúnlẹ̀, níwájú àwọn àgbà. Bí n kò bá ṣe é bẹ́ẹ̀, wọn kò ní kà á sí, ọmọ náà kò sì ní rí wálí. Oṣù ààwẹ̀ ti fẹ́ yọ. Ẹnu mi ti ṣe tán. Orúnkún mi ni kò gbà. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n ṣe sí i?